Ẹsẹ̀ Lára Ògiri, Òróró Lábẹ́ Ẹsẹ̀

Ní ọjọ́ Sátidé kan nínú oṣù Kẹwàá, ní aago méje òwúrọ̀ kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá, mo ki ẹsẹ̀ bọ omi púùlù fún ìgbà àkọ́kọ́. Ọmọ ọdún méje ni mí nígbà náà. Mo mọ̀ pé Sátidé ni, nítorí ọjọ́ yẹn nìkan ni màmá mi kì í jáde lọ síbi iṣẹ́ kí ilẹ̀ tó mọ́. Mo mọ aago náà, nítorí aago ńlá kan wà lára ògiri púùlù, mo sì ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́ bí a ṣe ń wo aago nílé ìwé. Gbogbo aago tí mo bá rí ni mo máa ń kà sókè. Ohun tí mi ò mọ̀ ni bóyá inú mi dùn lọ́jọ́ náà. Màmá mi ní mo sunkún. Ọ̀gá tó ń kọ́ mi ní ìlúwẹ̀ẹ́ ní mi ò sunkún. Àwọn méjèèjì wà níbẹ̀, àwọn méjèèjì kì í sì í ṣe òpùrọ́.

Mojísọ́lá ni orúkọ mi. Almada ni wọ́n bí mi sí, ìlú tó dojú kọ Lisbon láti òdìkejì odò, ní ilẹ̀ Potogí. Ọmọ Abẹ́òkúta ni àwọn òbí mi. Bàbá mi kú kí n tó mọ ojú wọn dáadáa, nítorí náà, èmi àti màmá mi nìkan ló wà nínú ìtàn yìí láti ìbẹ̀rẹ̀. Mo fi ọdún mẹ́rìndínlógún lúwẹ̀ẹ́ ìdíje. Ẹni ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni mí báyìí, Calgary ní ilẹ̀ Kánádà ni mò ń gbé, mo sì ti fẹ̀yìntì. Nígbà tí mo sọ èyí níwájú Tèmi, ọmọ Àǹtí Bísí, ó wò mí láti òkè dé ilẹ̀, ó ní, “Retired from what? You're not even old.” Òótọ́ ló sọ. Ṣùgbọ́n nínú iṣẹ́ tí mo ṣe, ọjọ́ alẹ́ máa ń tètè dé.

Tèmi gan-an ni mo torí rẹ̀ kọ èyí. Ọmọ ọdún márùndínlógún ni. Kóòṣì rẹ̀ ní kó wá dara pọ̀ mọ́ àwọn tó ń lúwẹ̀ẹ́ ní ìdájí ojoojúmọ́, ìyá rẹ̀ ní kó kọ́kọ́ bi mí bóyá ó tọ́ sí i. Mi ò lè dá ìbéèrè yẹn lóhùn fún ẹlòmíràn. Ohun tí mo lè ṣe ni kí n sọ ohun tí mo rí, kí n sì ya ohun tí mo rí sọ́tọ̀ kúrò lára ohun tí mo rò.

Bí wọ́n ṣe gbà mí sínú ẹgbẹ́ àwọn òmùwẹ̀ kò ní ìtàn nínú: ọmọ tó bá lè dé òdìkejì láìdi okùn mú ni wọ́n ń gbà. Owó rẹ̀ náà kò ní ìtàn, nítorí kò sí owó níbẹ̀. Ẹ̀kọ́ṣẹ́ ló ní ìtàn.

Anselmo ni orúkọ ọ̀gá mi. Ọmọ apẹja ni wọ́n. Ọwọ́ wọn tóbi, ohùn wọn kéré, wọn kì í pariwo mọ́ ọmọ rárá. Ìlúwẹ̀ẹ́ ẹ̀yìn ni wọ́n yàn fún mi, ìyẹn ni pé kí n dùbúlẹ̀ sórí omi kí n kọjú sókè. Ẹni tó ń ṣe irú rẹ̀ kì í rí ibi tó ń lọ, ibi tó ti ń bọ̀ ló ń rí. Okùn àsíá kéékèèké tí wọ́n ta sókè omi ló ń kìlọ̀ fún un pé ògiri ti sún mọ́lé. Ọ̀gá á bu omi sínú ife rọ́bà, wọ́n á gbé e lé mi níwájú orí, wọ́n á ní kí n máa lọ. Bí ife bá já bọ́, mo padà síbi tí mo ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Àwọn àgbà ní omi la ó tẹ̀ ká tó tẹ iyanrìn. Ọdún kan gbáko ni mo fi gbé ife lórí omi, tí mi ò rí iyanrìn kankan. Nígbà tí mo bá ráhùn pé ẹnìkan ló da omi rú lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, Ọ̀gá á kàn sọ pé, “Omi kì í gbọ́ àwáwí, Moji,” wọ́n á tún bu omi sínú ife.

Bí a ṣe ń gbéra nínú ìlúwẹ̀ẹ́ ẹ̀yìn yàtọ̀ sí ti àwọn yòókù. Àwọn yòókù á fò wọ omi láti òkè. Àwa á ti wà nínú omi, a ó fi ọwọ́ méjèèjì rọ̀ mọ́ irin tó wà létí púùlù, a ó fi àtẹ́lẹsẹ̀ méjèèjì ti ògiri, a ó ká ara jọ bí ọ̀pọ̀lọ́. Bí ẹ̀rọ bá dún, a ó ju ara wa sẹ́yìn. Àtẹ́lẹsẹ̀ lára ògiri tútù ni gbogbo agbára wà. Ọ̀gá ní òfin kan lórí èyí: kí á fi ọwọ́ pa ògiri kí á tó fi ẹsẹ̀ kàn án, kí á mọ irú ògiri tó jẹ́. Wọ́n tún ní òfin kejì, èyí tó dá ìjà sílẹ̀ láàárín àwọn àti màmá mi: ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fi nǹkan kan para kó tó wọ omi.

Òògùn tí wọ́n ń dà sínú omi púùlù máa ń gbẹ ara. Kí oṣù kan tó pé, awọ mi ti funfun bí ẹni tó sun inú eérú. Màmá mi ò lè gbà á. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi òrí pa mí lára kí a tó kúrò nílé, láti iwájú orí dé àtẹ́lẹsẹ̀. Kò pẹ́ tí Ọ̀gá rí i tí ọ̀rá ń dán lójú omi. Wọ́n ní kí n jáde, wọ́n sì pe màmá mi.

“Ìyá Moji, ọmọ yìí ń yọ̀ bí ẹja.”

“Ṣebí ẹja lẹ ní kó dà?”

“Ẹja kì í fi ẹsẹ̀ ti ògiri.”

Màmá mi ronú sí i díẹ̀. Wọ́n ní bí ọmọ àwọn bá ń rìn kiri báyìí, àwọn èèyàn á ní àwọn ò tọ́jú rẹ̀. Ọ̀gá bi wọ́n pé ta ló máa sọ bẹ́ẹ̀. Màmá mi ní gbogbo ìyá tí àwọn mọ̀ láyé yìí. Wọ́n jọ ṣe àdéhùn níkẹyìn: òrí lẹ́yìn omi, kì í ṣe ṣáájú. Láti ọjọ́ náà, bí mo bá ti jáde, màmá mi á ti dúró lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú ike òrí, bí ẹni tó fẹ́ kun ilé. Bí ọdún mẹ́wàá ni wọ́n fi pa àdéhùn náà mọ́, mi ò sì rí i kí wọ́n yẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan.

Mo ń yára sí i. Nígbà tí mo di ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún, mo bá àwọn ọ̀dọ́ ilẹ̀ Potogí lọ sí ìdíje kan, mo dé fìlà rọ́bà tí àsíá wọn wà lára rẹ̀. Ẹni tó ń pe orúkọ wa jáde wo orúkọ bàbá mi títí, ó wá kàn pè mí ní Moji. Ipò kẹfà ni mo ṣe. Ọ̀gá ní ó dáa. Mo ti ń retí ọ̀rọ̀ yẹn fún ọdún mẹ́wàá.

Ọdún tó tẹ̀ lé e ni mo wá sí yunifásítì ní Calgary, mo sì ń lúwẹ̀ẹ́ fún wọn. Inú basement, yàrá abẹ́ ilé Àǹtí Bísí, ní àdúgbò Martindale ni mo dé sí. Àǹtí Bísí ni àbúrò màmá mi, nọ́ọ̀sì ni wọ́n, bí wọ́n bá ń ti iṣẹ́ òru bọ̀ ni èmi máa ń lọ wọ train. Ìjáde ò ṣòro tó ìpadàbọ̀. Bí mo bá fi irun tútù jáde sínú snow, irun mi tí mo dì á gan, á máa ró ṣaworo bí ìlẹ̀kẹ̀. Àǹtí Bísí á gbé ọwọ́ lé ẹnu. “Wọ́n ní kó o wá kàwé, o wá ń gbé irun tútù kiri nínú òtútù. Ṣé orí ẹ pé báyìí?” Mo máa ń sọ fún wọn pé orí mi pé, irun nìkan ló gan.

Irinṣẹ́ ti yí padà kí n tó dé ibẹ̀. Ojú lásán ni Ọ̀gá fi ń wò wá. Dana, kóòṣì mi tuntun, ní kámẹ́rà lábẹ́ omi. Èyí tó yí iṣẹ́ mi padà jù ni pèpele. Wọ́n ti ṣe ohun kan báyìí tí wọ́n ń fi okùn so kọ́ ara ògiri, pèpele kékeré tí ìka ẹsẹ̀ lè tẹ̀, kí ẹsẹ̀ òmùwẹ̀ má baà yọ̀ nígbà ìgbéra. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́ tí mo lò ó, mo fò jìnnà débi pé ẹ̀rù bà mí. Mo pe Ọ̀gá lórí fóònù láti ròyìn fún wọn. Wọ́n ní pèpele dára, bí ó bá ti wà nígbà tiwọn, àwọn náà ì bá lò ó. Wọ́n wá ní, “Má jẹ́ kí ẹsẹ̀ rẹ gbàgbé ògiri.” Mo ní mo ti gbọ́. Mi ò rò pé mo ṣe nǹkan kan nípa rẹ̀.

Ọdún mẹ́ta sẹ́yìn, nígbà tí mo wà ní ọdún tó kẹ́yìn ẹ̀kọ́ mi, mo sún mọ́ àkókò tí ilẹ̀ Potogí ń béèrè lọ́wọ́ àgbà òmùwẹ̀ tó bá fẹ́ wọ ẹgbẹ́ tí wọ́n ń yàn lọ́dún mẹ́rin-mẹ́rin. Ìdíje kan péré ló kù kí wọ́n ti ilẹ̀kùn, Calgary sì ni wọ́n ti fẹ́ ṣe é. Bí mo bá rí àkókò náà, mo wọlé. Bí mi ò bá rí i, ó parí, nítorí mo ti mọ̀ pé mi ò ní agbára ọdún mẹ́rin mìíràn lára. Màmá mi wá láti Almada kí wọ́n lè fojú ara wọn rí i. Wọn ò rí snow rí. Aṣọ ìlékè méjì ni wọ́n wọ̀ lórí ara wọn nínú ilé.

Òtútù ọ̀sẹ̀ yẹn bẹ́ páìpù ní púùlù tí wọ́n fẹ́ lò, wọ́n sì gbé ìdíje lọ sí òmíràn tó ti pẹ́. Kò sí pèpele níbẹ̀. Kóòṣì sọ fún wa ní ọjọ́ tó ṣáájú.

Lówùúrọ̀ ọjọ́ náà, màmá mi àti Àǹtí Bísí ní kí n kúnlẹ̀ kí n tó jáde. Mo kúnlẹ̀. Màmá mi mú ìgò òróró tí wọ́n gbàdúrà sí ní ṣọ́ọ̀ṣì jáde nínú báàgì wọn, wọ́n fi kàn mí lórí, wọ́n fi pa àtẹ́lẹwọ́ mi. Lẹ́yìn náà wọ́n ní kí n jókòó, wọ́n gbé ẹsẹ̀ mi lé orí itan wọn.

“Màámi, ẹ rántí ohun tí Ọ̀gá sọ.”

“Ìyẹn òrí. Àdúrà lèyí.”

Wọ́n da òróró sí àtẹ́lẹsẹ̀ mi, ọ̀kan lẹ́yìn èkejì, wọ́n ní, “Ẹsẹ̀ rẹ kò ní yọ̀. Níbi tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ bá dúró sí, ẹsẹ̀ rẹ kò ní yọ̀.” Àǹtí Bísí ń ṣe àmín kíkankíkan. Bóyá ọmọ ibòmíràn á fa ẹsẹ̀ rẹ̀ yọ. Èmi ò mọ bí wọ́n ṣe ń fa ẹsẹ̀ yọ lọ́wọ́ ìyá ẹni nínú àdúrà. Mo ṣe àmín.

Mo fi tówẹ́lì nu ẹsẹ̀ mi ní yàrá ìmúra. Mo dúró lábẹ́ omi gbígbóná. Ó dà bíi pé mo tún nù ún lẹ́ẹ̀kejì, ṣùgbọ́n ẹ̀ẹ̀kan ni mo lè búra fún. Nígbà tí wọ́n ní ká wọ omi, mo fi ọwọ́ pa ògiri. Ògiri tí wọ́n lẹ táìlì dídán mọ́ ni, ó ti gbó, ó ń yọ̀ díẹ̀ lọ́wọ́. Mo gbé ẹsẹ̀ lé e, mo ká ara jọ.

Ẹ̀rọ dún. Ẹsẹ̀ ọ̀tún mi yọ̀.

Ó dà bí ìgbà tí wọ́n fa àga kúrò lábẹ́ ènìyàn. Ẹ̀yìn mi ló kọ́kọ́ ba omi, omi wọ imú mi. Nígbà tí mo fi máa rí òkè àjà, ẹsẹ̀ àwọn tó wà lápá ọ̀tún àti òsì mi ni mò ń rí. Mo lúwẹ̀ẹ́ ìyókù bí mi ò ṣe lúwẹ̀ẹ́ rí. Mo lé mẹ́ta bá nínú wọn. Nígbà tí mo fọwọ́ kan ògiri tó kẹ́yìn tí mo wo pátákó, ohun tí mo fi pàdánù àkókò tí wọ́n ń béèrè kò tó ìṣẹ́jú-àáyá kan.

Màmá mi ti dìde níbi ìjókòó, wọ́n gbé ọwọ́ méjèèjì lérí. Nígbà tí mo jáde, wọ́n ti dúró lẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú ike òrí, bíi ti ìgbà tí mo wà ní kékeré. Wọ́n bi mí pé kí ló ṣẹlẹ̀. Mo ní, “Ẹsẹ̀ mi yọ̀.” Wọ́n wo ilẹ̀. Wọn ò bi mí ní nǹkan mìíràn, a ò sì sọ̀rọ̀ nínú train títí a fi dé Martindale.

Ọ̀gá pè ní ọjọ́ kejì. Ìbéèrè kan ṣoṣo ni wọ́n béèrè: ṣé mo fi ọwọ́ pa ògiri kí n tó fi ẹsẹ̀ kàn án? Mo ní mo fi pa á. Wọ́n ní ó dáa. Mi ò sọ ọ̀rọ̀ òróró fún wọn.

Mo kàwé gboyè nínú oṣù Kẹfà ọdún náà, mo sì fi ìdíje sílẹ̀. Ìmọ̀ ìṣirò ni mo kọ́, kò sì sí ìgbà tí mi ò ṣe ìṣirò ọ̀rọ̀ yìí lórí. Òróró lè jẹ́ ìdí rẹ̀. Ògiri tó gbó náà lè jẹ́ ìdí rẹ̀, nítorí mo gbọ́ pé ọmọkùnrin kan yọ̀ nínú ìdíje tiwọn lọ́sàn-án ọjọ́ kan náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé mi ò rí i. Pèpele tó ti sọ ẹsẹ̀ mi di ọ̀lẹ lè jẹ́ ìdí rẹ̀. Ẹ̀rù sì wà lára mi. Ó ṣe mí bíi kí n padà síbẹ̀ kí n fi òróró pa ẹsẹ̀ kan, kí n fi èkejì sílẹ̀, kí n wò ó. Ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ ọjọ́ mìíràn kò lè jẹ́rìí fún ẹsẹ̀ ọjọ́ yẹn, Ọ̀gá ò sì ní dárí jì mí bí mo bá da òróró sínú omi.

Mo rò pé ọ̀rọ̀ náà ò kan ẹnikẹ́ni mọ́ àfi èmi. Lọ́dún tó kọjá, lẹ́yìn tí mo ti gba PR, ìwé àṣẹ ìgbélùú, màmá mi wá bá mi gbé ní Savanna, àdúgbò mìíràn ní Calgary. Láàárọ̀ ọjọ́ tí Tèmi fẹ́ lọ ṣe ìdánwò kan, wọ́n pè é kó wá gba àdúrà. Wọ́n fi òróró kàn án lórí, wọ́n fi pa àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀. Tèmi na ẹsẹ̀ jáde bí ìyá rẹ̀ ṣe máa ń ṣe é fún un láti kékeré. Màmá mi dé ìgò. “Ó tó,” ni wọ́n wí. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọ́ wọn láti ọjọ́ náà. Wọn kì í fi òróró kan ẹsẹ̀ ẹnikẹ́ni mọ́. Ọdún mẹ́ta ni wọ́n ti gbé ẹjọ́ náà kalẹ̀ nínú ara wọn, tí wọ́n sì ti dá ara wọn lẹ́bi. Èmi tí mo jẹ́ ẹlẹ́rìí kò yọjú.

Mo máa ń kọ́ àwọn obìnrin ní ìlúwẹ̀ẹ́ ní púùlù àdúgbò kan, ní wákàtí tí ọkùnrin kì í wọlé. Nínú ìgbà òtútù tó kọjá, màmá mi ní àwọn náà fẹ́ wá. Ó yà mí lẹ́nu, nítorí láti kékeré ni wọ́n ti kọ́ wọn ní Abẹ́òkúta pé ọmọdé kì í sún mọ́ odò, wọn ò sì bọ́ nínú ẹ̀kọ́ náà. Mo bi wọ́n pé kí ló dé. Wọ́n ní, “Mo fẹ́ fi ẹsẹ̀ mi kan ògiri yẹn.”

Wọ́n kọ́ bí a ṣe ń mí. Wọ́n kọ́ bí a ṣe ń léfòó, pẹ̀lú ọwọ́ mi lábẹ́ ẹ̀yìn wọn. Wọ́n bú mi dáadáa, wọ́n ní èmi àti Ọ̀gá jọ ń jọra nínú ìkà. Ní Sọ́ńdè tó kọjá, wọ́n ní kí n kọ́ wọn bí a ṣe ń ti ògiri. Mo fi irin hàn wọ́n. Wọ́n fi ọwọ́ pa ògiri kí n tó sọ fún wọn pé kí wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀. Nígbà tí wọ́n wá gbé ẹsẹ̀ sókè, mo rí i pé ẹsẹ̀ náà funfun fún gbígbẹ, láti orúnkún dé ìka. Màmá mi, tí kì í dé ẹnu ọ̀nà láìpara, ti wọ ọkọ̀ wá láti Savanna láìpara.

Wọn ò wò mí. Ògiri ni wọ́n ń wò.

“Moji, ṣé òróró yẹn ni?”

“Mi ò mọ̀, Màámi.”

“O ò lè sọ pé òun kọ́.”

“Mi ò lè sọ ọ́. Mi ò sì lè sọ pé òun ni. Ògiri yẹn ti gbó. Ẹsẹ̀ mi ti mọ́ pèpele lára. Mo nu òróró yẹn, ẹ̀rù sì tún ń bà mí. Bí ẹnikẹ́ni bá ní òun mọ èyí tó jẹ́, irọ́ ló ń pa.”

“Kí ló dé tó ò sọ ọ́ láti ọjọ́ yìí?”

“Ẹ̀ ń wo ilẹ̀. Mo rò pé ẹ ò fẹ́ gbọ́.”

Omi ń gbá wọn ní àyà. “Bí mo bá mọ̀ pé o ò mọ̀,” ni wọ́n wí, “ì bá ti sàn fún mi. Mo rò pé o mọ̀, tó o kàn ń bò mí láṣìírí.”

Tèmi, ohun tí mo rí nìyí. Iṣẹ́ náà gba gbogbo òwúrọ̀ mi, ó sì fún mi ní ara tó gbọ́ràn sí mi lẹ́nu. Bóyá ó tọ́ sí ẹ, mi ò mọ̀. Bí o bá lọ, máa fi ọwọ́ pa ògiri. Bí nǹkan bá sì ṣẹlẹ̀ tí o ò mọ ìdí rẹ̀, sọ fún àwọn ará ilé rẹ pé o ò mọ̀. Má jẹ́ kí wọ́n fúnra wọn wá ìdáhùn sí i.

Lọ́jọ́ Sọ́ńdè náà, màmá mi rọ̀ mọ́ irin, wọ́n ká ara jọ, wọ́n ní kí n kúrò lẹ́yìn àwọn. Mo kúrò. Mi ò mọ ohun tí wọ́n ń sọ sábẹ́ ètè wọn. Wọ́n di ojú, wọ́n ti ògiri.

Ẹsẹ̀ wọn kò yọ̀. Mo wà níbẹ̀, mo rí i.